Ọgbà tí Ìgbín Fi Itọ́ Ṣe

Ife omi kẹta ni mo ń dà sínú agbọ̀n ìgbín náà nígbà tí mo gbọ́ ìró ẹsẹ̀ Ìyá Oníìgbín lẹ́yìn mi. Ọyẹ́ mú láàárọ̀ ọjọ́ náà. Ètè mi ti là, eruku sì ti bo ewé ọ̀gẹ̀dẹ̀ gbígbẹ tí wọ́n tẹ́ sínú agbọ̀n. Ìgbín kọ̀ọ̀kan ti wọ inú ìkarahun rẹ̀ lọ, ó sì ti fi nǹkan funfun kan bí ẹfun dí ẹnu ọ̀nà pa. Mo rò pé òǹgbẹ ló fẹ́ pa á. Bí omi ṣe kan nǹkan funfun náà, ó rọ̀, ó ya, orí ìgbín sì bẹ̀rẹ̀ sí í yọ lọ́kọ̀ọ̀kan. Inú mi dùn.

"Ìyá, ẹ wá wò ó! Wọ́n ti jí!"

Ìyá ò pariwo. Wọ́n gba ife lọ́wọ́ mi, wọ́n sì wo inú agbọ̀n náà.

"Ta ló sọ fún ẹ pé wọ́n ń sùn?" ni wọ́n wí. "Ó dáa náà. Ìwọ tó pè wọ́n síta, wá pe òjò fún wọn báyìí."

Mi ò lè pe òjò. Kò tó ọ̀sẹ̀ méjì tí àwọn tó jáde fi bẹ̀rẹ̀ sí í kú. Wọ́n ti ná ìwọ̀nba omi tó wà lára wọn, kò sì sí èyí tí wọn yóò fi ṣe ìlẹ̀kùn mìíràn. Èmi ni Ìyá ní kí n kó wọn lọ sí àkìtàn, pẹ̀lú ọwọ́ mi méjèèjì. Mo lè gbọ́ òórùn yẹn títí di báyìí bí mo bá pa ojú dé.

Mo tó ọmọ ọdún mẹ́jọ nígbà náà. Ìyá kì í ṣe ìbátan wa. Ilé wọn ló kọjú sí tiwa, ọ̀dọ̀ wọn sì ni màmá mi máa ń fi mí sí bí wọ́n bá ń lọ sóko. Ara Ìyá máa ń rùn bí ọsàn wẹ́wẹ́ àti ilẹ̀ tútù, torí ọsàn ni wọ́n fi ń fọ ìgbín kí ó má yọ̀ mọ́. Láti ìgbà tí mo ti pa ìgbín wọn ni wọ́n ti ń kọ́ mi nípa rẹ̀, bóyá kí n má baà tún un ṣe. Wọ́n á mú ọ̀kan jáde, wọ́n á fi èékánná kan ìlẹ̀kùn funfun rẹ̀, á dún kó, bí ìgbà tí èèyàn kan ẹyin.

"Itọ́ ara rẹ̀ ló fi ṣe é. Kò yá a lọ́wọ́ ẹnì kankan."

"Ìṣáwùrú inú odò náà ní ìlẹ̀kùn, Ìyá."

"Ìyẹn yàtọ̀. Ìlẹ̀kùn ìṣáwùrú, a bí i mọ́ ọn ni, ibi tó bá lọ ló ń gbé e lọ. Ìgbín ò ní. Nígbà tí ẹ̀ẹ̀rùn bá dẹ́rù bà á ni yóò ṣe tirẹ̀. Bí àkọ́rọ̀ òjò bá rọ̀, yóò jù ú nù. Kò sẹ́ni tó gbọ́dọ̀ bá a ṣí i. Ṣé o gbọ́? Ọmọ olóríkunkun yìí!"

Bí wọ́n bá ti bú mi báyìí, mo mọ̀ pé wọ́n ti dárí jì mí.

Mi ò ní dárúkọ ìlú náà, mi ò sì ní sọ ohun tó dá ìjà sílẹ̀. Àwọn tó ṣe é ṣì ní ọmọ, àwa náà ṣì ní ẹbí níbẹ̀. Ohun tí mo lè sọ ni pé ọ̀sán ni, ẹ̀ẹ̀rùn ọdún yẹn kan náà, màmá mi sì wà lóko. A gbọ́ ìbọn lọ́nà ọjà. Lẹ́yìn náà ni èéfín dé, tòun ti òórùn táyà tó ń jó.

Ìyá ní kòtò kan lẹ́yìnkùlé tí wọ́n máa ń kó ìgbín sí lásìkò òjò. Òfìfo ló máa ń jẹ́ nígbà ẹ̀ẹ̀rùn. Wọ́n gbé mi sínú rẹ̀ bí ẹni gbé ẹrù.

"Má dáhùn o," ni wọ́n wí. "Ẹni tó bá mọ̀ pé o wà níbẹ̀ kò ní pè ọ́. Yóò kàn ṣí i ni."

Wọ́n fi pátákó bò ó, wọ́n da ewé gbígbẹ lé e. Lẹ́yìn náà ni mo gbọ́ tí wọ́n gbé àpótí ìjókòó wọn lé orí pátákó náà. Wọ́n jókòó, wọ́n sì bẹ̀rẹ̀ sí í bó ẹ̀gúsí. Pá. Pá. Pá. Èèpo ń já bọ́ láti àlàfo pátákó sí ojú mi.

Àwọn ọkùnrin mélòó kan wọlé. Mi ò rí wọn.

"Ìyá, àwọn ará iwájú ilé yín dà?"

"Wọ́n ti lọ. Èmi tí ẹsẹ̀ mi ò gbé ló kù."

"Ọmọbìnrin wọn ńkọ́? Wọ́n ní ọ̀dọ̀ yín ló máa ń wà."

"Ọmọ ẹlẹ́ṣẹ̀ yẹn? Bí mo bá lọ́mọ lọ́dọ̀, ṣé èmi ni n ó máa fọwọ́ ara mi bó ẹ̀gúsí? Ẹ̀yin tí ọwọ́ yín dilẹ̀, ẹ jókòó, ẹ bá mi bó o."

Ọ̀kan nínú wọn rẹ́rìn-ín. Èkejì ò rẹ́rìn-ín.

"Ẹ dìde, Ìyá."

"Orúnkún mi ò gbà."

"Mo ní kí ẹ dìde."

Wọn ò dìde. Pá. Pá. Lẹ́yìn náà, ẹ̀gúsí ò dún mọ́. Pátákó náà dún lórí mi, ó sì tẹ̀ wálẹ̀ díẹ̀.

Mi ò mọ bí ó ti pẹ́ tó kí ohùn obìnrin kan tó dé, ohùn jẹ́ẹ́jẹ́. "Ọmọ dáadáa, ó ti parí. Jáde, màmá ẹ ń wá ẹ." Ẹnu mi ti là láti dáhùn. Agbọ̀n ìgbín ló wá sọ́kàn mi, àwọn orí kéékèèké tó ń yọ lọ́kọ̀ọ̀kan nítorí omi tí kì í ṣe òjò. Mo ki aṣọ mi bọ ẹnu. Ohùn náà pè títí, ó sì lọ. Títí dòní, mi ò mọ̀ bóyá ohùn rere ni tàbí ohùn burúkú.

Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, àwọn tó wá gbé òkú Ìyá ló rí pátákó lábẹ́ wọn. Ẹnì kankan ò pè mí. Wọ́n kàn ṣí i ni.

Ọkùnrin kan wà láàárín wọn tó ń kọ orúkọ àwọn tó kú sínú ìwé.

"Kí lorúkọ wọn?" ló bi mí.

"Ìyá."

"Ìyá ta?"

"Ìyá Oníìgbín."

"Orúkọ tí wọ́n sọ wọ́n ni mo ń bi ẹ́."

Mi ò mọ̀ ọ́n. Ọmọ tí a kọ́ kì í pe àgbà lórúkọ, kì í sì í béèrè. Nígbà tí mo rí màmá mi, mo bi wọ́n. Àwọn náà ò mọ̀ ọ́n. Ṣe ni wọ́n gbé màmá mi níyàwó wá sí àdúgbò náà. Wọ́n bá gbogbo èèyàn tí wọ́n ń pe àgbà náà ní Ìyá, àwọn náà sì ń pè wọ́n bẹ́ẹ̀. A ò padà síbẹ̀ mọ́. "Obìnrin àgbà kan" ni ọkùnrin náà kọ sínú ìwé rẹ̀.

Ó ti pẹ́ tí mo ti wà ní Dublin. Pápákọ̀ òfurufú ni mo ti ń ṣiṣẹ́ ìmọ́tótó. Ìgbín inú firísà ni mo máa ń rà ní Moore Street, èyí tí wọ́n ti yọ kúrò nínú ìkarahun. Bí ẹnì kan bá pe orúkọ mi lójú títì, n kì í tètè dáhùn.

Ọmọbìnrin mi, tí mo bí síbí, ń kọ́ nípa ẹranko ní yunifásítì. Nígbà òtútù tó kọjá, ó wọlé láti ẹ̀yìnkùlé pẹ̀lú ìgbín kékeré kan ní àtẹ́lẹwọ́. Ẹ̀yìn agolo ìdọ̀tí ló ti rí i. Ẹnu ìkarahun rẹ̀ dí pa.

"Mọ́mì, ẹ wò ó," ló wí. Gẹ̀ẹ́sì àwọn ará ibí ló fi sọ ọ́, bó ṣe máa ń sọ gbogbo nǹkan. "Tí mo bá da omi sí i, ó máa jáde." Ó na ọwọ́ sí ẹ̀rọ omi.

Mi ò mọ ìgbà tí mo pariwo. Nígbà tí mo wojú rẹ̀, mo ti di ọrùn ọwọ́ rẹ̀ mú, àmì èékánná mi sì ti wà níbẹ̀.

"Ah, Mọ́mì! It's grand! Kò sí wàhálà! Ìgbín lásán ni!"

Ó jókòó, ó ń fi ọwọ́ ra ọwọ́. Bóyá torí kí ara mi lè balẹ̀ ló ṣe bẹ̀rẹ̀ sí í ṣàlàyé fún mi bí olùkọ́. Ó kọ ọ̀rọ̀ kan sẹ́yìn àpòòwé: epiphragm. Ó ní orúkọ ìlẹ̀kùn funfun yẹn nìyẹn, inú èdè àwọn ará Gíríìsì àtijọ́ ni wọ́n ti mú un. Epi ni "lórí". Phragma ni "ọgbà", irú èyí tí wọ́n fi ń dáàbò bo ilé.

"Ọgbà tí wọ́n ṣe lé nǹkan lórí," ló wí. "Ìgbín inú omi ní tirẹ̀, ṣùgbọ́n operculum nìyẹn, Látìn ni, ìdérí ni ìtumọ̀ rẹ̀. Ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ ni pé..."

"Ti inú omi, a bí i mọ́ ọn ni," mo wí. "Ti orí ilẹ̀, fúnra rẹ̀ ló ń ṣe é, á sì jù ú nù."

Ó gbé bírò sílẹ̀. "Ta ló kọ́ yín?"

Mo sọ fún un. Ohun tí mi ò sọ fún bàbá rẹ̀ rí, mo sọ ọ́ níwájú tíì tó ń tutù. Nígbà tí mo parí, ojú rẹ̀ ti pọ́n, ó sì béèrè ohun tí ọmọ tí wọ́n tọ́ ní ìlú yìí máa béèrè.

"Kí ni orúkọ wọn?"

Itọ́ gbígbẹ lẹ́nu ìgbín, tí òjò kan ṣoṣo ń fọ̀ dànù, àwọn ọ̀mọ̀wé ti wá orúkọ fún un, orúkọ tó ní ìtumọ̀, tó ní orísun. Ọgbà tó jókòó lé mi lórí, tó ń bó ẹ̀gúsí títí tí wọ́n fi pa á, mi ò lórúkọ tí mo lè pè é.

A dá ìgbín náà padà sẹ́yìn agolo. Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, òjò rọ̀, òjò Dublin tí kì í tán. Mo lọ wò ó. Kò ṣí i. Ó mọ̀ pé kì í ṣe òjò tòun nìyẹn.

Láti ìgbà náà, bí mo bá pàdé ìyá àgbà ní ṣọ́ọ̀ṣì, mo máa ń kúnlẹ̀ kí wọn, n ó sì bi wọ́n pé, "Ẹ má bínú, Mà. Kí ni orúkọ tí wọ́n sọ yín?" Inú àwọn kan kì í dùn sí i. Ìyá kan ní, "Ta ló kọ́ ọ ní ìwà yìí?" Mo tọrọ àforíjì, mo sì tún béèrè. Bí wọ́n bá sọ ọ́, mo máa ń kọ ọ́ sínú ìwé kan tí mo fi pamọ́ sí kọ́bọ́ọ̀dù ilé ìdáná. Mi ò tíì kọ nǹkan kan sí ìlà àkọ́kọ́, èyí tí mo fi sílẹ̀ fún Ìyá Oníìgbín.