Igi Òdòdó Tí Bàámi Hú Lórí Àpáta

Igi náà kò ga ju àyà mi lọ, kò sì lẹ́wà. Lọ́pọ̀ oṣù nínú ọdún, igi gbígbẹ ni ẹni tí kò mọ̀ ọ́n yóò pè é. Àfi nígbà ọyẹ́, tí ewé rẹ̀ bá ti wọ́ dànù tán, ló máa ń yọ òdòdó funfun kéékèèké, tí òórùn rẹ̀ dà bíi ti aṣọ tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ká wálé láti inú oòrùn. Bàámi ló hú u wá láti orí àpáta kan lẹ́yìn ìlú Ògbómọ̀ṣọ́, níbi tí òun àti àwọn ará ṣọ́ọ̀ṣì wa ti máa ń lọ gbàdúrà. Télọ̀ ni Bàámi, kì í ṣe àgbẹ̀, mi ò sì mọ ohun tó rí lára igi yẹn. Ó gbìn ín sí igun àgbàlá, lẹ́gbẹ̀ẹ́ ògiri, ó ní ẹnikẹ́ni ò gbọdọ̀ fọwọ́ kàn án.

Lẹ́yìn tí Bàámi kú, mo já ẹ̀ka kan lọ sí Ọ̀yọ́, níbi tí mo ti ń kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ ní bàọ́lọ́jì. Ọ̀gá mi kan tó mọ̀ nípa ewéko yẹ̀ ẹ́ wò, ó ṣí ìwé, ó tún pa ìwé dé, ó ní bóyá ni irú rẹ̀ wà níbòmíràn yàtọ̀ sí orí àwọn àpáta agbègbè wa. Inú mi dùn bí ẹni pé èmi ni mo dá a. Lọ́sẹ̀ tó tẹ̀ lé e, mo wálé, mo gun ọ̀kadà lọ wo àpáta Bàámi. Kò sí àpáta mọ́. Àwọn tó ń fọ́ òkúta ti sọ ọ́ di kòtò, ọkọ̀ tíípà ń kó o lọ.

Mo bá gé ẹ̀ka igi ilé wa, mo rì wọ́n sínú ọ̀rá píọ̀ wọ́tà tí mo rọ erùpẹ̀ sí, mo tò wọ́n sẹ́yìn ilé mi ní Ọ̀yọ́. Ọdún mẹ́ta ni mo fi gbìyànjú. Kò sí èyí tó yè. Ẹyọ kan náà ló kù, ìyẹn èyí tó wà ní igun àgbàlá wa.

Ojú Màámi ti fọ́, ìwọ̀nba ìmọ́lẹ̀ ló kù tó ń rí. Imú ló fi ń mọ̀ pé ọdún ti yí. Láàárọ̀ ọyẹ́, á jókòó sẹ́nu ọ̀nà, á ní, “Igi bàbá yín ti tanná,” nígbà tí àwa tí ojú wa dá ṣáṣá kò tíì rí nǹkan kan. Ṣùgbọ́n ẹrẹ̀ àgbàlá wa lásìkò òjò kì í ṣe kékeré. Lọ́dún tó kọjá, Màámi yọ̀ níbẹ̀, ó ṣubú lé ìbàdí. Egungun kò kán, a dúpẹ́, ṣùgbọ́n láti ọjọ́ náà kò jáde mọ́ àfi tí ẹnìkan bá dì í mú. Ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin, tó ń gbé pẹ̀lú rẹ̀, ní òun máa tẹ́ íńtálọ́ọ̀kù sí gbogbo àgbàlá, àwọn bíríkì tí wọ́n ń tò mọ́ra wọn sílẹ̀ yẹn. Ta ló fẹ́ bá a jà? Òótọ́ ló sọ.

Lọ́sẹ̀ tí àwọn bíríkìlà dé, ìdánwò ni mò ń ṣọ́ láàárọ̀, ìwé ìdánwò ni mò ń máàkì nírọ̀lẹ́. Ẹ̀gbọ́n mi pè mí: igi yìí ńkọ́? Mo ní kí wọ́n yí i po, kí wọ́n fi ààyè sílẹ̀ fún un. Ó tún pè: bíríkìlà ní gbòǹgbò rẹ̀ á gbé íńtálọ́ọ̀kù sókè lọ́jọ́ iwájú. Bíríkìlà tí kò gbin ewúro rí ló wá ń kọ́ mi nípa gbòǹgbò. Mo ṣàlàyé. Ó pè lẹ́ẹ̀kẹta: wọ́n rí awọ ejò nídìí igi, Màámi ò sì ríran. Mo ní n óò wá lọ́jọ́ Sátidé. Nígbà tó pè lẹ́ẹ̀kẹrin, mo dúró sínú oòrùn ní gáréèjì, ẹrù ìwé ìdánwò wà lọ́wọ́ mi, kò sí ọkọ̀, ó ti rẹ̀ mí, orí ń fọ́ mi.

“Àwọn èèyàn yìí ti dúró o,” ó ní. “Bó o bá ní ká fi í sílẹ̀, a ó fi í sílẹ̀. Ọ̀rọ̀ kan ni mo fẹ́ gbọ́.”

“Bọ̀dá mi, ẹ ṣe é bó bá ṣe tọ́ lójú yín.”

“Ṣé ká gé e?”

“Ẹ gé e, sà.”

Mi ò lè sọ pé wọ́n fipá mú mi. Ó bi mí, mo sì dáhùn. Èyí tó dùn mí jù ni pé nígbà tí mo pa fóònù, ara tù mí.

Ní Sátidé, mo sọ̀kalẹ̀ ní Ọjà Igbó, mo wọ kẹ̀kẹ́ délé. Àgbàlá ń dán. Ẹ̀gbọ́n mi dúró sí àárín rẹ̀, ó ń retí. Èèyàn kì í rí ohun tí ẹ̀gbọ́n ẹni fi owó ṣe kó dákẹ́, nítorí náà mo kúnlẹ̀. “Bọ̀dá mi, ẹ kú ìnáwó o. Olúwa á fi púpọ̀ rọ́pò.” Ó ṣe àmín. Màámi dá rìn dé géètì, ó sì dá rìn padà, ó ń rẹ́rìn-ín. Kò sẹ́ni tó dárúkọ igi fún un. Èmi náà ò dárúkọ rẹ̀.

Ọyẹ́ dé, mo wálé fún Kérésì. Láàárọ̀ ọjọ́ kejì, Màámi jókòó sẹ́nu ọ̀nà, ó gbé imú sókè, ó dúró, ó tún gbé e sókè. Èmi àti ẹ̀gbọ́n mi wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀.

“Ẹ ti gé igi bàbá yín,” ó ní.

Ọ̀rọ̀ kò dùn lẹ́nu ìyá olè.

“Ta ló ní kí wọ́n gé e?”

Ẹ̀gbọ́n mi wò mí. Mo rí i lójú rẹ̀ pé ó ṣe tán láti bá mi pín ẹ̀bi náà.

“Èmi ni, Màámi.”

Mo ń retí èébú. Ì bá tù mí lára. Ó na ọwọ́, ó ń wá orúnkún mi títí ó fi kàn án.

“Ṣé bó ṣe rẹ̀ ọ́ tó nìyẹn?”