Sàréè Tí A Kò Sin Ẹnikẹ́ni Sí

Òórùn omi ògì tó ti kan ni mo kọ́kọ́ máa ń rántí, òun àti ti sìmẹ́ńtì tútù, níwájú ilé kan ní Ìyèrè tí àwọn ará Ṣáínà ti wá ya sinimá. Mo ti fẹ̀yìn tì lẹ́nu iṣẹ́ tíṣà àwòrán yíyà nígbà náà, wọ́n sì ní kí n máa túmọ̀ ọ̀rọ̀ fún obìnrin kan nínú wọn tó gbọ́ Gẹ̀ẹ́sì. Iṣẹ́ tirẹ̀ ni láti sọ ilé, yàrá àti àgbàlá di ohun tí ìtàn sinimá bá ń fẹ́. Ìwọ náà mọ̀ pé ojú òṣèré nìkan là ń wò. Ta ló ń bèèrè ẹni tó kun ògiri ẹ̀yìn wọn? Ó sọ fún mi pé ọ̀pọ̀ ọdún lòun fi ń po ọ̀dà fún àwọn ọ̀gá òun, pé èyí ni àkọ́kọ́ tí wọ́n fi gbogbo iṣẹ́ lé òun lọ́wọ́. “Tíṣà, bí ó bá bàjẹ́, ìdí ọ̀dà ni wọ́n máa dá mi padà sí.”

Ìtàn opó kan ni, sàréè ọkọ rẹ̀ sì gbọ́dọ̀ wà lójúde. Obìnrin Ṣáínà yìí fi ọparun àti pákó kàn án, ó fi sìmẹ́ńtì rẹ́ ẹ, ó wá ń da omi ògì sí i lára títí nǹkan aláwọ̀ ewé fi bò ó, bí ẹni pé òjò ti ń pa á láti ọdún mọ́dún. Èmi tí wọ́n kàn án lójú mi, bí mo bá ń kọjá níbẹ̀, ẹsẹ̀ mi á rọra yà.

Àbúrò onílé ló fún wọn láyè. Onílé fúnra rẹ̀ wà lórí bẹ́ẹ̀dì nílé ìwòsàn ní Ọ̀wọ̀, ìyàwó rẹ̀ ń tọ́jú rẹ̀ níbẹ̀, kò sì sẹ́ni tó rántí sọ fún ìyàwó náà. Láàárọ̀ ọjọ́ tí wọ́n fẹ́ ya ìran opó yẹn ló sọ̀ kalẹ̀ lórí ọ̀kadà, ó wá mú aṣọ. Ó rí sàréè. Fúláàsì bọ́ lọ́wọ́ rẹ̀.

“Ta lẹ sin síbẹ̀?” Ohùn rẹ̀ kéré. “Mo ṣẹ̀ṣẹ̀ fi ọkọ mi sílẹ̀ ni, ó ń bá mi jà pé tíì òun ò dùn. Ta lẹ sin?”

“Ìyàwó wa, sinimá ni o,” àbúrò ọkọ rẹ̀ ní.

“Lọ ṣe sinimá níwájú ilé tìẹ!”

Àwọn ọ̀dọ́ ti ń jáde láti ojúlé dé ojúlé. Ọ̀kan pariwo pé ẹni tó bá ṣe sàréè de alààyè, ikú ló ń pè fún un. Wọ́n yí ọkọ̀ tó kó kámẹ́rà ká. Olùdarí sinimá ń fi èdè wọn jágbe mọ́ obìnrin Ṣáínà náà, ó ń nàka sí oòrùn tó ń ga, pé kí ó tètè pẹ̀tù sí i. Gbogbo ojú bá yí sọ́dọ̀ mi, pé kí n túmọ̀. Ohun kan ṣoṣo ni mo rí sọ fún obìnrin Ṣáínà náà: “Ọkọ ìyá yìí wà láàyè.”

Ó gbé òòlù, ó sì fọ́ iṣẹ́ ọwọ́ ara rẹ̀. Ọparun, ìṣó àti àpò sìmẹ́ńtì ló wà nínú rẹ̀. Ìyá náà kúnlẹ̀, ó ti apá bọ inú rẹ̀ dé èjìká, ó ń fọwọ́ pa ilẹ̀ ìsàlẹ̀ wò bóyá wọ́n gbẹ́ ẹ.

“Ó dáa,” ó ní. “Ṣùgbọ́n ilẹ̀ tí wọ́n ti pè ní sàréè ò gbọdọ̀ wà lásán báyìí. Ẹ wá iṣẹ́ mìíràn fún un.”

Ó fa ọmọ ọ̀gẹ̀dẹ̀ kan tu lẹ́yìnkùlé, ó gbé ọkọ́ lé àlejò wa lọ́wọ́. Ìyẹn gbẹ́lẹ̀ títí tó fi ń mí hẹlẹhẹlẹ. “Tíṣà, sọ fún un pé bó ṣe ń roko yìí, ebi á pa ọkọ rẹ̀ kú.” Àwọn ọ̀dọ́ rẹ́rìn-ín, wọ́n sì ń kúrò nídìí ọkọ̀ díẹ̀díẹ̀.

Bí wọ́n ṣe ń tẹ ilẹ̀ mọ́ ìdí ọ̀gẹ̀dẹ̀ yẹn ni obìnrin Ṣáínà náà dìde lójijì, ó lọ bá olùdarí. Wọ́n jiyàn títí. Nígbẹ̀yìn, wọ́n bẹ ìyá náà, ó gbà, òṣèré tó ṣe opó sì gbin ọ̀gẹ̀dẹ̀ tirẹ̀ síwájú ilé dípò kí ó sunkún lórí sàréè. Mo ti wo sinimá náà. N kò rí ohun tó dà bí ọ̀fọ̀ tó bẹ́ẹ̀ rí.

Onílé padà wálé lẹ́sẹ̀ ara rẹ̀. Obìnrin Ṣáínà náà ti di ẹni tí wọ́n ń wá kiri nínú sinimá ilẹ̀ wọn báyìí. Bí ó bá pè mí, ó máa ń sọ pé kí òun tó fọwọ́ kan ògiri níbikíbi, òun á kọ́kọ́ bèèrè ẹni tó ń gbé ibẹ̀, àti ibi tí ó wà lọ́jọ́ náà. Èmi tí mo fi ọjọ́ ayé mi kọ́ àwọn ọmọ láti yàwòrán kí ó jọ òótọ́, n kò rò ó rí pé ẹnì kan lè wọlé, kí ó sì gbà á gbọ́.