Ọ̀rọ̀ Méjì Tó Ń Jí Àkókò

Bí mo bá rántí ọdún tí mo wà nínú ẹgbẹ́ akọrin wa ní Mowo, òógùn àtẹ́lẹwọ́ mi ló kọ́kọ́ máa ń wá sí mi lọ́kàn. Akólòlò ni mí. Mo lè sọ ọ́ báyìí láìtijú, ṣùgbọ́n nígbà yẹn, ó tẹ́ mi lọ́rùn kí ilẹ̀ lanu gbé mi mì ju kí ẹnikẹ́ni nínú ẹgbẹ́ yẹn mọ̀ lọ. Láti kékeré ni mo ti ṣàkíyèsí pé ahọ́n mi kì í kọ́ bí mo bá ń kọrin. Nítorí náà, orin ni mo ń kọ, ọ̀rọ̀ kò sí lẹ́nu mi. Bí wọ́n bá kí mi, ma rẹ́rìn-ín, ma tẹrí ba. Wọ́n ní mo ní àròjinlẹ̀. Àwọn ọmọbìnrin inú ẹgbẹ́ tilẹ̀ ń pè mí ní Àgbà Ọkàn. Àgbà Ọkàn kọ́, àgbà ojo ni! Ibẹ̀ nìkan ni wọn ò ti fi mí ṣe yẹ̀yẹ́ rí láyé mi, mi ò sì fẹ́ pàdánù rẹ̀.

Ọ̀gá akọrin wa, ọkùnrin kúkúrú kan tó máa ń dijú bó bá ń ronú, ló kọ orin ńlá kan fún ìparí ọdún. Orin ayẹyẹ ìlú kan tí kò sí níbikíbi ni. Ó pe ìlú náà ní Ìdúró. Ó ní lọ́dọọdún ní Ìdúró, á rẹ Àkókò, á sì dùbúlẹ̀. Bó bá ti dùbúlẹ̀, ọ̀sà ò ní kún, kò ní fà. Ọlẹ̀ ò ní sọ nínú aboyún. Ẹni tó gbé oúnjẹ sẹ́nu ò ní lè gbé e mì. Àfi kí ará ìlú kọrin títí, kí gbogbo ohùn dákẹ́, kí ẹnìkan ṣoṣo wá sọ pé, “Àkókò, dìde.” Bí onítọ̀hún ò bá sọ ọ́, ilẹ̀ Ìdúró ò ní mọ́ mọ́ láéláé.

Èmi ni ọ̀gá ní kí n sọ ọ́, torí pé mo ga, ohùn mi sì nípọn. Mo rò pé ma fi kọrin ni, àṣé sísọ ni. Ọ̀gá ní, “Orin wo ló máa wà níbi tí àkókò ò sí?” Èyí tó tún wá burú jù, ó ní èèwọ̀ ni kí a sọ ọ́ níbi ìdánrawò. “Ìwọ ṣáà nawọ́ sókè, a ó mọ̀ pé o ti sọ ọ́.” Ni mo bá ń nawọ́, tí wọ́n ń kan sáárá sí mi. Bẹ́ẹ̀, “à” tó bẹ̀rẹ̀ Àkókò yẹn gan-an ló máa ń há mi lọ́fun jù lọ. Mo máa ń lọ sétí òkun, láàárín àwọn igi àgbọn, kí n sọ ọ́ fún ìgbì. Á jáde geere. Òkun kì í wo èèyàn lẹ́nu.

Ọjọ́ pé. Gbọ̀ngàn kan létí ọ̀sà ní Àgbádárìgì la ti ṣe é nírọ̀lẹ́, èrò sì kún fọ́fọ́. A fi orin ro ìtàn Ìdúró fún wọn, a lu agogo, a fọn fèrè, ohùn wá ń dín kù díẹ̀díẹ̀ bí ọ̀gá ṣe tò ó. Wọ́n pa iná. Ẹyọ kan tó kù, orí mi ló tàn sí. Gbogbo ilé pa rọ́rọ́. Mo lanu.

Kò sóhun tó jáde.

Ẹ̀rù bà mí. Mo ń gbọ́ jẹnẹrétọ̀ tó ń dún lẹ́yìn ilé. Mo tún gbìyànjú, ètè mi gbọ̀n, ohùn ò wá. Mo rí ọ̀gá tó ń wò mí, tí ojú rẹ̀ ń yí padà. Ó tán, àṣírí tú! Mo bẹ̀rẹ̀ sí í fojú wá ilẹ̀kùn tí mo máa gbà sá.

Ọmọdé kan bú sẹ́kún láàárín èrò. Ìyá arúgbó kan dìde níwájú, ó fi èdè Ègùn ké pe Ọlọ́run, ó wá na ọwọ́ méjèèjì sí mi.

“Ọkọ mi, jọ̀ọ́, jí i fún wa! Ọmọ mi lóyún sínú nílé!”

Kò sẹ́ni tó rẹ́rìn-ín. Ohùn míì tún gbà á lẹ́yìn: “Jí i o! Jí i o!” Mo wojú wọn nínú òkùnkùn yẹn, mo sì rí i pé ẹ̀rù tó ń bà mí ń ba àwọn náà. Àánú ìyá yẹn ṣe mí ju ìtìjú ara mi lọ. Mo ti ọ̀rọ̀ náà jáde bó ṣe wù kó rí.

“À… à… à… à-à-àkókò, dì-dìde!”

Kí n tó pa ẹnu dé, alágogo ti gbà á: kò, kò, kò. Àwọn obìnrin ń ké “à, à, à” tẹ̀ lé e, àwọn ọkùnrin gbè é lábẹ́, orin sì gbéra lórí ìkólòlò mi. Iná tàn. Ìyá arúgbó yẹn ń sunkún, ó ń jó.

Ẹ̀yìn gbọ̀ngàn ni ọ̀gá ti wá bá mi níbi tí mo sá pamọ́ sí. “Akólòlò ni ọ́?” Mo mi orí pé bẹ́ẹ̀ ni. Ó dijú fún ìgbà díẹ̀. “A ò ní yọ ìkólòlò yẹn kúrò nínú orin náà mọ́,” ló sọ, ó sì bá tirẹ̀ lọ.

Ó ti pẹ́ tí mo ti fi ẹgbẹ́ náà sílẹ̀. Wọ́n ṣì ń kọ orin yẹn lópin ọdún, àwọn tí ahọ́n wọn já gaara ló sì ń sọ ọ̀rọ̀ mi. Lọ́dún tó kọjá, mo lọ wò wọ́n. Kí wọ́n tó bẹ̀rẹ̀, mo bá ọ̀dọ́kùnrin kan tó kọjú sí ògiri, òógùn ti bò ó, ó ń kọ́ bí wọ́n ṣe ń kólòlò. Kò mọ̀ mí.

“Bàbá, ẹ jọ̀ọ́, ẹ gbọ́ mi wò,” ó ní. “Ẹ̀rù ń bà mí pé kó má lọ já geere.”

Mo ní kó má bẹ̀rù. Ó pẹ́ kí n tó sọ ọ́ tán.