Máíkì Ìyá Tóyìn

Ẹ má wulẹ̀ bá mi jiyàn. Mi ò mutí, mi ò sùn, ọ̀sán gangan ni. Ojú mi yìí ló rí i, bó tilẹ̀ jẹ́ pé mi ò tíì lè sọ ohun tó rí gan-an.

Iṣẹ́ gbígba orin sílẹ̀ ni mò ń ṣe ní Òdòde, ní Ìdànrè wa níbí. Kọ́áyà ìjọ aláṣọ funfun kan ló pè mí. Ìyá Tóyìn tó máa ń dárin fún wọn ti kú. Bàbá Tóyìn, ọkọ rẹ̀, ni ọ̀gá kọ́áyà. Ohun tó ń dun bàbá náà jù ni pé kò ní ohùn ìyàwó rẹ̀ níbì kankan, fóònù tí ohùn náà wà nínú rẹ̀ ti sọnù.

Ìjọ yẹn kì í jẹ́ kí ẹlòmíràn dúró sí àyè olórin tó bá kú, títí ọdún á fi yí po. Bí mo ṣe ń to máíkì, mo gbé ọ̀kan sí àyè yẹn, bí mo ṣe máa ń ṣe fún kọ́áyà mìíràn. Mo tún tàn án. Ẹ gbà mí gbọ́, àṣìṣe ni.

Lọ́jọ́ kejì, mo gbé lìmítà lé orin tí mo gbà sílẹ̀. Lìmítà ni irinṣẹ́ inú kọ̀ǹpútà tó ń tẹ ohùn tó bá fẹ́ ga jù wálẹ̀, kó má baà fọ́. Bí ohùn ò bá ga, ìlà rẹ̀ á kàn dúró jẹ́ẹ́.

Ìlà náà ò dúró. Orin ń lọ wẹ́rẹ́, lìmítà ń tẹ nǹkan mọ́lẹ̀ tagbáratagbára. Kí ló ń tẹ̀? Mo pa ohùn wọn lọ́kọ̀ọ̀kan, ó ku máíkì kan ṣoṣo. Ẹ ti mọ èyí tó kù. Kẹ́kẹ́ pa níbẹ̀, síbẹ̀ ìlà ń fò sókè sódò. Orí mi wú.

Ibẹ̀ ni Bàbá Tóyìn bá mi, ó wá wo ibi tí iṣẹ́ dé. Ó dúró, ó dẹ etí.

"Ọmọ yìí," ó rọra wí, "ta ló di ẹnu rẹ̀?"

"Ẹnu ta ni, sà?"

"Yọ ọ́. Ó fẹ́ sọ̀rọ̀."

Mo yọ lìmítà. Kí lẹ fẹ́ kí n ṣe, ẹni tó ń wá ohùn ìyàwó rẹ̀? Iná pupa tó ń fi hàn pé ohùn ti ga jù tàn, kò kú mọ́. Etí mi ò gbọ́ nǹkan kan o. Àmọ́ bàbá ń rẹ́rìn-ín, omi ń bọ́ lójú rẹ̀.

"Mò ń bọ̀," ló wí. "Jẹ́ kí n bọ́ bàtà."

Ó bẹ̀rẹ̀ mọ́lẹ̀ bí ẹni tó fẹ́ wọ ilé ìjọsìn wọn. Ó ti bọ́ ẹsẹ̀ kan kí n tó dá lìmítà padà. Ẹ̀rù bà mí.

Bàtà yẹn ṣì wà lábẹ́ tábìlì mi, bàbá kò gbà á padà. Ojoojúmọ́ ló ń wá bẹ̀ mí pé kí n yọ ọ́ lẹ́ẹ̀kan péré. Bí mo bá yọ ọ́, ṣé bàbá á padà sílé láàyè? Bí mi ò bá sì yọ ọ́, ṣé ọrùn Ìyá Tóyìn ni mo ń tẹ̀ yẹn? Mi ò mọ̀.

Ẹ̀yin tí ẹ ń gba orin sílẹ̀, máíkì tí ò bá ti lẹ́ni níwájú, ẹ fa wáyà rẹ̀ yọ. Èmi ti pa kọ̀ǹpútà láti àárọ̀. Bàbá Tóyìn jókòó sẹ́nu ọ̀nà mi báyìí, ó ń gberin. Ta ló ń dá a fún un?