Tẹlifóònù Ń Dún Nínú Àpótí

Mojíre Awóníyì kú ní ọjọ́ Ìṣẹ́gun kan nínú oṣù kẹta ọdún 1998, aago mẹ́wàá àárọ̀ kọjá díẹ̀, nínú yàrá kan ní Ilare, nílùú Ilé-Ifẹ̀. Ọmọ ọdún mọ́kàndínlọ́gọ́ta ni. Tẹlifóònù ń dún nígbà tó ń kú lọ. Mo fẹ́ kí ẹ fi ìyẹn sọ́kàn títí ẹ ó fi ka ọ̀rọ̀ yìí tán. Tẹlifóònù ń dún, kò ju ìgbésẹ̀ mẹ́jọ lọ sí ibi tó ṣubú sí, kò sì sẹ́ni tó lè gbé e.

Mi ò sunkún. Àwọn èèyàn ń bi mí, mo sì ń dá wọn lóhùn pé rárá. Inú mi dà bí ẹsẹ̀ téèyàn jókòó lé pẹ́. Ó wà níbẹ̀, mi ò kàn mọ̀ ọ́n lára ni.

Bí ẹ bá gbé Ifẹ̀ rí láàárín ọdún 1969 sí 1995, ẹ mọ ohùn obìnrin yìí, bí ẹ ò tiẹ̀ mọ ojú rẹ̀. Òun ni ọ̀pirétọ̀ ilé tẹlifóònù wa. Ọdún mẹ́rìndínlọ́gbọ̀n ló fi jókòó síwájú bọ́ọ̀dù, tó ń fa wáyà yọ nínú ihò kan, tó ń tì í bọ òmíràn, kí ẹni tó wà ní Kánò lè bá ẹni tó wà ní Ifẹ̀ sọ̀rọ̀. “Ẹ má gbé e sílẹ̀ o, wọ́n ń bọ̀.” Bó ṣe máa ń wí nìyẹn, wọ́n sì máa ń bọ̀ lóòótọ́.

Ẹ ó ní, ṣebí èèyàn mélòó ló ní tẹlifóònù nílé nígbà yẹn? Ó dáa bẹ́ẹ̀, ibẹ̀ gan-an ni mò ń lọ. Màmá, bí gbogbo wa ṣe ń pè é, ní ìwé kan, ìwé gbọọrọ ẹlẹ́yìn líle, tó fi kàlẹ́ńdà àtijọ́ bò. Orúkọ àwọn tí kò ní tẹlifóònù ló wà níbẹ̀. Kì í ṣe iṣẹ́ ìjọba. Kò sẹ́ni tó rán an. Ó kọ ibi tí oníkálùkù ń gbé síbẹ̀, àti ẹni tí iṣẹ́ lè gbà dé ọ̀dọ̀ wọn. Ìyá Fáṣínà, Ilare, ẹ fi rán oníbúrẹ́dì. Bàbá Lágúnjú, Edunabon, ẹ fún onímọ́tò Ìbàdàn, kó já a sọ́dọ̀ ẹni tó ń lẹ táyà létí títì. Bí ọmọ bá pè láti ìdálẹ̀, Màmá á ní kó tún pè ní Sátidé, aago mẹ́rin. Nígbà tó bá fi máa di Sátidé, ìyá ọmọ á ti jókòó sórí bẹ́ǹṣì ilé tẹlifóònù, á ti wẹ̀, á ti wé gèlè, bíi pé ọmọ náà á rí i. Irínwó ó lé mẹ́tàlá orúkọ ló wà nínú ìwé yẹn. Mo ti kà wọ́n.

Ní 1987, Ìlọrin ni mo ti ń ṣiṣẹ́ ìròyìn. Ó pè mí.

“Ọ̀gbẹ́ni Àyànlọ́wọ̀, ṣé ẹ jókòó?”

Mo ní mo wà lórí ìdúró.

“Ẹ jókòó ná, ẹ jọ̀ọ́. Ṣé ẹnì kan wà lọ́dọ̀ yín níbẹ̀?”

Nígbà tí mo jókòó ló ní kí n máa bọ̀ nílé, pé Bàbá mi ń fẹ́ rí mi. Kò ní Bàbá kú. Mo mọ̀, òun náà sì mọ̀ pé mo ti mọ̀. Ó dúró sórí wáyà, mò ń gbọ́ mímí rẹ̀, títí ọ̀gá mi fi wá gba tẹlifóònù lọ́wọ́ mi. Ẹ dákun, ẹ fi ẹ̀rọ kan hàn mí tó lè ṣe bẹ́ẹ̀.

Ní 1995, ẹ̀rọ tuntun dé. Wọ́n gé rìbọ́ǹnù. Wọ́n pín mínírà tútù. Ọkùnrin alágbádá kan dìde, ó ní ayé ti di ọ̀kan, pé kọ̀ǹpútà ló máa máa so wá pọ̀ báyìí, kì í sùn, kì í jẹun, kì í gba ìsinmi ìbímọ. Wọ́n pàtẹ́wọ́. Akọ̀ròyìn kan wà níbẹ̀ tó kọ ọ́ sínú ìwé ìròyìn pé “Ọjọ́ ìdúró ti dópin ní Ifẹ̀.” Ṣé ẹ fẹ́ mọ akọ̀ròyìn náà? Èmi ni. Inú mi dùn sí gbólóhùn yẹn nígbà náà, mo tilẹ̀ gé e, mo lẹ̀ ẹ́ mọ́ ara ògiri.

Láàárín ọ̀sẹ̀ yẹn náà ni wọ́n fún Màmá ní lẹ́tà. Ẹ ṣeun, ẹ máa lọ. Kò bá wọn jà. Ohun kan ṣoṣo ló béèrè lọ́wọ́ ọ̀gá: “Ta ni kí n fi ìwé yìí lé lọ́wọ́?” Ọ̀gá dáhùn pé, “Ẹ fi síbẹ̀, Màmá. A máa rí i sí.”

A máa rí i sí! Ẹ gbọ́ ọ̀rọ̀ àwọn ọ̀gá wa. Ní oṣù tó tẹ̀ lé e, wọ́n gbé bẹ́ǹṣì kúrò.

Ẹ̀rọ tuntun ń ṣiṣẹ́ dáadáa, mi ò ní purọ́ mọ́ ọn. Ẹni tó ní nọ́ńbà ń pe ẹni tó ní nọ́ńbà, kíá báyìí. Àmọ́ ilé mọ́kànlélọ́gọ́ta ló wà ní àdúgbò Màmá, mo fi ẹsẹ̀ mi rìn ín. Mẹ́ta péré ló ní tẹlifóònù. Àwọn méjìdínlọ́gọ́ta tó kù ńkọ́? Tẹ́lẹ̀, obìnrin kan ni tẹlifóònù gbogbo wọn. Ayé wo ló wá di ọ̀kan?

Ọ̀kan nínú mẹ́ta yẹn wà ní pálọ̀ Ọ̀gbẹ́ni Ọdẹ́wálé, onílé tí Màmá ń gbé lọ́dọ̀ rẹ̀. Inú àpótí onígi ló wà, pẹ̀lú àgádágodo lẹ́nu. Ẹ má rẹ́rìn-ín. Ta ni kì í ti tẹlifóònù tirẹ̀ mọ́nú àpótí nílùú yìí? Èmi náà ní àpótí tèmi nílé, kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ wà lápò mi bí mo ṣe ń kọ eléyìí. Onílé náà kì í ṣèèyànkéèyàn. Ó gbà kí ìyàwó òun máa ṣí àpótí fún Màmá ní àràárọ̀ ọjọ́ Ìṣẹ́gun, aago mẹ́wàá, tí Ìkẹ́olúwa ọmọ Màmá, tó jẹ́ olùkọ́ ní Kàdúná, máa ń pè láti ilé ìfìwéránṣẹ́ ibẹ̀. Ọjọ́ Ìṣẹ́gun tí mò ń wí yìí, ìyàwó lọ síbi ìsọmọlórúkọ ní Ìpetumodù, onílé wà níbi iṣẹ́ ní Òṣogbo, kọ́kọ́rọ́ sì wà lọ́wọ́ rẹ̀.

Hàjàrá aránṣọ, tó ń gbé yàrá kejì, ló gbọ́ gbì tí Màmá ṣubú. Ohun tó sọ fún mi rèé: “Mo bá a nílẹ̀, ẹnu rẹ̀ ti wọ́ sápá kan. Tẹlifóònù bẹ̀rẹ̀ sí í dún. Ó gbọ́ ọ, ó ń nàka sí i. Mo gbá àpótí yẹn mú, mo fi òkúta lu àgádágodo títí, kò ṣí. Nígbà tí n ó fi rí òòlù yá, ó ti dákẹ́.”

Mo ní, “Kí ló dákẹ́?”

Ó ní, “Àwọn méjèèjì.”

Ó fọ́ àpótí náà nígbẹ̀yìn. Tẹlifóònù wà níbẹ̀, ó mọ́ tónítóní. Ta ló fẹ́ pè? Kò mọ nọ́ńbà kankan ní Kàdúná. Ó sáré lọ sí ilé tẹlifóònù pé kí wọ́n bá òun ránṣẹ́ sí ọmọ Màmá. Ọkùnrin tó wà ní kàǹtà bi í léèrè nọ́ńbà. Ó ní Ìkẹ́olúwa Awóníyì, olùkọ́ ni. Ọkùnrin náà ní, “Ẹ̀yin obìnrin yìí náà! Kọ̀ǹpútà ò mọ orúkọ, nọ́ńbà ló mọ̀.” Ní wákàtí yẹn kan náà, ní Kàdúná, Ìkẹ́olúwa ń pe ilé tẹlifóònù Ifẹ̀, nọ́ńbà tó ti mọ̀ látìgbà tó wà ní kékeré, kí wọ́n bá òun rán ẹnì kan lọ wo ìyá òun. Ohùn tí wọ́n gbà sílẹ̀ ló ń dá a lóhùn lédè òyìnbó pé nọ́ńbà náà kò sí mọ́. Ìgbà mẹ́ta ló pè é.

Wọ́n sin Màmá ní ọjọ́ kẹta. Lẹ́tà Hàjàrá dé Kàdúná ní ọjọ́ keje. Iwájú kíláàsì ni Ìkẹ́olúwa ti ṣí i, lórí ìdúró. Kò sẹ́ni tó ní kó jókòó.

Lọ́sẹ̀ tó kọjá, èmi àti ẹ̀ lọ sí ilé tẹlifóònù láti béèrè ìwé ìyá rẹ̀. Ọ̀gá tó wà níbẹ̀ báyìí ní òun ò mọ ìwé kankan. Ìkẹ́olúwa ló rí i. Ó wà nínú yàrá tútù tí wọ́n kó ẹ̀rọ sí, lábẹ́ ẹsẹ̀ tábìlì tí kọ̀ǹpútà wà lórí rẹ̀. Ẹsẹ̀ kan kúrú, wọ́n sì fi ìwé náà gbé e. Kàlẹ́ńdà ẹ̀yìn rẹ̀ ló fi dá a mọ̀, òun ló bá Màmá fi bò ó nígbà tó wà ní ilé-ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀. Ọ̀gá ní, “Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má yọ ọ́ o, tábìlì á máa mì.”

Ìkẹ́olúwa kúnlẹ̀, ó yọ ọ́. Tábìlì mì. Kò sí nǹkan tó bàjẹ́.

Ojú ìwé tó gbẹ̀yìn ní déètì ọjọ́ tí Màmá fi ibẹ̀ sílẹ̀. Mo dà á kọ síbí bó ṣe wà: “Awóníyì Mojíre. Ilare, ilé Ọdẹ́wálé, yàrá ẹ̀gbẹ́ pálọ̀. Kò ní tẹlifóònù. Bí Ìkẹ́olúwa bá pè láti Kàdúná, ẹ rán ẹnikẹ́ni tó bá ń lọ sápá ibẹ̀. Bó bá jẹ́ ọ̀rọ̀ ikú ni, ẹ kọ́kọ́ ní kó jókòó.”

Ẹ̀yin ọ̀gá ilé tẹlifóònù, ó gbà yín gbọ́. Ẹ ní ẹ máa rí i sí, ó sì fi orúkọ ara rẹ̀ sí i.

Mi ò ní kí ẹ gbé kọ̀ǹpútà jùnù. Ẹ dá bẹ́ǹṣì padà. Ẹ fi èèyàn kan, ẹlẹ́ran-ara, sídìí ìwé yìí, nítorí irínwó èèyàn ó lé méjìlá tó ṣáájú Màmá níbẹ̀ kò tíì ní tẹlifóònù, wọ́n sì lọ́mọ nídàálẹ̀. Ẹ kọ̀wé sí Ìkẹ́olúwa Awóníyì, kí ẹ tọrọ àforíjì, kí ẹnì kan sì fọwọ́ sí i pẹ̀lú orúkọ ara rẹ̀. Mi ò fẹ́ rí “Àwọn Aláṣẹ” nísàlẹ̀ rẹ̀. Gbólóhùn tèmi ti kúrò lára ògiri, mo sì ti tọrọ àforíjì tèmi lọ́wọ́ rẹ̀, lójúkojú.

Ó wá ku tiyín. Ta ló ní “a máa rí i sí”? Ta ló gbé ìwé náà sábẹ́ tábìlì? Orúkọ ni mo ń béèrè, ẹ má fún mi ní nọ́ńbà.

Mo ti jókòó. Ẹ máa wí.