Tánkì Tá A Fẹnu Fọ̀

Àmín ò tíì kúrò lẹ́nu wa láàárọ̀ yìí tí irọ́ fi bẹ̀rẹ̀.

Ọ̀gá wa nílé iṣẹ́ omi inú ọ̀rá, ní Ṣàngó níbí, ṣẹ̀ṣẹ̀ wàásù lórí òtítọ́ tán ni. Díákónì ni wọ́n o.

Wọ́n na ìwé sí mi. "Sista, buwọ́ lù ú pé a fọ tánkì lánàá. Àwọn ìjọba ń bọ̀ wá yẹ̀ ẹ́ wò."

"Sà, òtítọ́ tẹ́ ẹ wàásù rẹ̀ ńkọ́?"

"Ìwàásù ti parí. Iṣẹ́ ti bẹ̀rẹ̀."

Mo buwọ́ lù ú.

Wálé, òṣìṣẹ́ ẹlẹgbẹ́ wa tí kì í lọ ṣọ́ọ̀ṣì, tá a máa ń gbàdúrà ìgbàlà fún, bọ́ ṣẹ́ẹ̀tì, ó mú búrọ́ọ̀ṣì, ó wọnú tánkì. "Èèyàn ló máa mu ún," ló ní.

Èmi ló kàn láti darí àdúrà lọ́la. Ẹ jọ̀ọ́, ṣé kí n ṣì gbàdúrà fún Wálé?