Ẹ̀yìn Mi Nínú Fíìmù Bàbá Czech

Ìwé mẹ́ta péré ni mo kà, ṣùgbọ́n ẹ béèrè ní Rosettenville, ní Johannesburg, kò sí káfíńtà tó lè dúró níwájú mi. Ìdí nìyí tí bàbá òyìnbó kan láti ilẹ̀ Czech fi mú mi lọ́dún 2009 pé kí n wá kan ilé tí wọ́n máa fi ṣe fíìmù ní Soweto. Bàbá yìí ń ṣeré, ó sì tún ń bá wa ṣiṣẹ́ ẹ̀yìn kámẹ́rà. Láàárọ̀ á kun pákó pẹ̀lú mi, lọ́sàn-án á bọ́ aṣọ ọ̀dà, á wọ aṣọ eré.

Ó dàgbà ju bàbá tó bí mi lọ, àràárọ̀ ni mo sì ń dọ̀bálẹ̀ kí i. Lọ́jọ́ kan ó ní, "Káfíńtà, ìwọ lo máa ṣe ọmọ mi tó darí dé. Bí mo bá ti wọlé, dúró, kí o wojú mi."

Mo pe ìyá mi ní Iléṣà. Ọdún mẹ́sàn-án ni mi ò tíì fojú kàn wọ́n. Pépà ìgbélùú mi ti kú. Bí mo bá jáde ní South Africa, mi ò lè wọlé mọ́. Dókítà sì ti sọ pé ojú ìyá mi ò ní pẹ́ lọ, wọn ò ní ríran mọ́.

"Màámi, ẹ máa rí ojú mi nínú fíìmù."

"Tètè fi ránṣẹ́. Fọ́tò kì í mira. Mo fẹ́ kí o yíjú wò mí."

Ọjọ́ pé. Bàbá ṣí ilẹ̀kùn tí èmi fúnra mi kàn, ó wọlé. Kí n tó mọ ohun tí mò ń ṣe, mo ti dọ̀bálẹ̀ gbalaja, imú mi kan sìmẹ́ńtì. Ibẹ̀ ni wọ́n gé fíìmù náà sí, kí n tó dìde.

Bàbá dì mọ́ mi. "A ò ní tún un ṣe. Kò sí òṣèré tó lè kọ́ ìyẹn."

Oṣù mélòó kan ni mo fi yangàn ní ṣọ́ọ̀ṣì. Mo ń sọ pé ẹ̀ẹ̀kan péré ni mo ṣe é tó yọrí. Nígbà tí fíìmù náà jáde, ará ìjọ wa kan tó ń lọ sílé ló bá mi mú díìsì rẹ̀ lọ fún ìyá mi. Ìyá mi pè.

"Èwo ni ìwọ níbẹ̀?"

"Èmi ni mo dọ̀bálẹ̀, Màámi."

"Ẹ̀yìn èèyàn ni mo rí. Ẹ̀ẹ̀mẹta ni mo ní kí wọ́n tún un tàn, bóyá o máa gbórí sókè."

"Bàbá yẹn ló ní ó dáa bẹ́ẹ̀."

"Ó dáa. Bí mo ṣe kọ́ ọ náà nìyẹn."

Bàbá ti padà sí ilẹ̀ Czech nígbà yẹn, wọ́n sì ti tú ilé tí mo kàn. Nígbà tó fi di 2010, ojú ìyá mi méjèèjì ti lọ. Àbúrò mi obìnrin sọ pé wọ́n ṣì máa ń ní kí òun tan fíìmù náà. Wọ́n á jókòó síwájú tẹlifíṣọ̀n, wọ́n á béèrè pé, "Ṣé ó ti dìde?"